Ta ni Bia?

Ọ̀sán Sátidé tó kọjá, mo wà nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi, abẹ́rẹ́ mẹ́ta wà láàrin ètè mi, ni ọmọbìnrin kan bá dúró sísàlẹ̀ fèrèsé wa, ó ń pariwo, "Bia! Ô Bia!" Mo yọ abẹ́rẹ́ lẹ́nu, mo yọrí síta, mo sọ fún un pé kò sí ẹni tó ń jẹ́ Bia nílé yìí, bóyá ilé kejì ló ń wá. Ọmọ náà kò dá mi lóhùn. Ẹ̀yìn mi ló nawọ́ sí. Kí n tó bojú wẹ̀yìn, Àbẹ̀ní mi, ọmọ ọdún 11, ti wọ sálúbàtà, ó ń wá bí yóò ṣe fẹ̀gbẹ́ gba ara mi kọjá tí ojú wa kò fi ní pàdé.

Ó ní òun ni. Ó ní láti ọdún tó kọjá ni wọ́n ti ń pe òun bẹ́ẹ̀ nílé ìwé, pé orúkọ tí a sọ òun ń kọ́ wọn lẹ́nu, ó sì ti sú òun láti máa tún un pè fún wọn. Potogí ló fi sọ gbogbo rẹ̀. Ó sọ̀ kalẹ̀ lọ.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ ohun tí a fi ń sọ ọmọ ní Àbẹ̀ní, mi ò ní ṣàlàyé fún yín. Ọdún mẹ́sàn-án. Ẹ̀yin náà sì mọ̀ pé orúkọ ọmọ yìí ti di orúkọ tèmi. Ìyá Àbẹ̀ní ni gbogbo adúgbò wa n'Ísẹ́yìn ń pè mí. Ṣé kí wọ́n wá máa pè mí ní Ìyá Bia?

Ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ àkàrà ná, kí inú mi rọ̀ díẹ̀. Ní Salvador, olú ìlú Bahia ní Brazil, tí à ń gbé yìí, wọ́n máa ń la àkàrà láàrin bíi búrẹ́dì, wọ́n á rọ vatapá, ọbẹ̀ kíki kan, sí i, wọ́n á da ilá lé e, wọ́n á to edé sórí, ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n sì ń jẹ ẹ́! Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rà á, mo bi ìyá olákàrà bóyá ó ní ògì. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀, láti ọjọ́ náà la ti di ọ̀rẹ́. Ṣùgbọ́n epo pupa ni wọ́n fi ń dín in, ojúlówó epo pupa. Òórùn rẹ̀ máa ń bá mi lójú títì kí n tó rí agbada, ẹsẹ̀ mi á sì dúró fúnra rẹ̀. Ìyá mi máa ń dín tirẹ̀ láàárọ̀ Sátidé. Ọdún kẹrin rèé tí wọ́n ti lọ. Orí fóònù ni mo ti wo ìsìnkú wọn, nẹ́tíwọ̀kì sì já kí wọ́n tó bo ilẹ̀.

Ohun tó mú ọ̀rọ̀ Bia wọ̀ mí lára ni iṣẹ́ tí mò ń ṣe. Àwọn èèyàn terreiro, ilé tí wọ́n ti ń sin òrìṣà níbí, ni mò ń ránṣọ fún, aṣọ òkè tí ẹ̀gbọ́n mi ń fi ránṣẹ́ láti ilé. Oṣù kan kì í lọ kí aláboyún kan má wọlé wá bẹ̀ mí pé kí n fún òun ní orúkọ Yorùbá tí òun máa sọ ọmọ. Mo ti sọ ọmọ ní Ayọ̀, mo ti sọ ọmọ ní Àyìnkẹ́. Odara ni ọmọ oníbàárà mi kan ń jẹ́, ẹ̀yin náà ẹ gbọ́ ọ létí pé "ó dára" ni wọ́n ń wí. Àwọn tí baba ńlá wọn ti kúrò nílé láti bí igba ọdún ń tọrọ ohun tí ọmọ tí mo bí ń bọ́ sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwé.

Ìyá olákàrà ló gbọ́ ẹjọ́ mi tó ní kí n lọ wo Malês (bí wọ́n ṣe ń pe àwọn ìmàle ayé ẹrú níbí), fíìmù òṣèré Antônio Pitanga tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi hàn ní sinimá ní oṣù kẹwàá ọdún 2025.

Mo ti mọ ojú Pitanga kí n tó gbọ́ Potogí. Telenovela, eré àtìgbàdégbà orí tẹlifíṣọ̀n, ni olùkọ́ mi nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, orí íntánẹ́ẹ̀tì ni mo sì ti rí A Próxima Vítima ti ọdún 1995. Pitanga ló ṣe bàbá nínú ìdílé Noronha, Zezé Motta ṣe ìyàwó rẹ̀, Camila Pitanga tó jẹ́ ọmọ bíbí inú rẹ̀ sì ṣe ọmọ rẹ̀. Ìdílé dúdú tó rí jẹ, tí bàbá ń jókòó bá àwọn ọmọ rẹ̀ wí nínú pálọ̀ ara rẹ̀. Ẹni bá mọ telenovela ìgbà náà mọ̀ pé ẹni tó ń gbé kọfí wọlé fún ọ̀gá ni wọ́n sábà máa ń fi aláwọ̀ dúdú ṣe. Mo sọ fún ọkọ mi pé bàbá yìí jọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi, gbogbo ara ló fi ń sọ̀rọ̀.

Salvador níbí ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1939. Antônio Luiz Sampaio lorúkọ tí ilé sọ ọ́. Pitanga jẹ́ orúkọ ẹni tó ṣe nínú fíìmù Bahia de Todos os Santos lọ́dún 1960. Eré parí, kò dá orúkọ náà padà, òun náà sì ni àwọn ọmọ rẹ̀ ń jẹ́ títí dòní.

Lọ́dún 1962, ó wà nínú O Pagador de Promessas, fíìmù tó gba ẹ̀bùn Palme d'Or ní Cannes. Ọkùnrin kan jẹ́jẹ̀ẹ́ fún Barbara Mímọ́ nílé Ọya, ó gbé àgbélébùú wá láti oko, àlùfáà sì tilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀ṣì mọ́ ọn. Pitanga ni Coca, ọmọ oníkapuéra, eré ìjà àwọn aláwọ̀ dúdú ibí. Ọdún yẹn náà ló ṣe Firmino nínú Barravento tí Glauber Rocha darí, èyí tó jẹ́ pé mo wò ó lẹ́ẹ̀mejì, inú sì bí mi lẹ́ẹ̀mejèèjì. Firmino ti ìlú ńlá padà sí abúlé àwọn apẹja tó bí i, aṣọ funfun báláú ló wọ̀, ó ń sọ fún wọn pé Yemọja tí wọ́n ń sìn kò lè bọ́ wọn. Ó ní ìyà tó ń jẹ wọn ló ń bí òun nínú, mo sì gbà pé òótọ́ ló sọ. Síbẹ̀, ojú tó fi wo abúlé yẹn ni mo rí lójú ọmọ mi lọ́jọ́ Sátidé.

Ó ṣe Ganga Zumba, ọba Palmares, ìlú tí àwọn ẹrú tó sá lọ tẹ̀ dó, nínú fíìmù tí Cacá Diegues darí. Ó darí fíìmù tirẹ̀, Na Boca do Mundo, lọ́dún 1978. Ẹ̀yìn ìyẹn ló wá di ọdún 2024 kí Malês tó jáde ní Festival do Rio, ó ti pé ẹni ọdún 85. Òun fúnra rẹ̀ ló darí rẹ̀, òun náà ló sì ṣe Pacífico Licutan.

Èmi nìkan ni mo lọ. Orí ìjókòó ẹ̀yìn ni mo wà.

Nàgó, bí wọ́n ṣe ń pe Yorùbá níbí, ni Licutan, ọmọ tiwa ni. Àáfà àgbà ni, iṣẹ́ tábà ló ń ṣe fún olówó rẹ̀ tó jẹ́ dókítà. Ẹ̀ẹ̀mejì ni àwọn ìmàle dáwó jọ láti rà á padà, olówó náà kọ̀. Nígbà tó wá jẹ gbèsè, ẹrú rẹ̀ ni wọ́n gbẹ́sẹ̀ lé, wọ́n ju Licutan sẹ́wọ̀n kí wọ́n lè tà á fi san gbèsè tí kò jẹ. Ní òru tó mọ́ ọjọ́ 25 oṣù kìíní ọdún 1835, nínú oṣù Ramadan, àwọn èèyàn wa dìde sí ìlú Salvador. Ẹ̀wọ̀n tí bàbá yẹn wà ni wọ́n kọ́kọ́ sáré lọ. Wọn kò rí i gbà jáde. Etí omi ní Água de Meninos ni wọ́n ti pa ọ̀pọ̀ nínú wọn kí ilẹ̀ tó mọ́. Nígbà tí ẹjọ́ parí, ẹgba ni wọ́n dá fún Licutan ní gbangba, irú èyí tí wọ́n máa ń pín ní 50 lójúmọ́ kí ẹni náà má baà kú kó tó pé.

Ọ̀rọ̀ kan wà nínú ìwé ẹjọ́ rẹ̀ tí n kò lè gbé kúrò lọ́kàn. Wọ́n bi í lórúkọ, ó ní Bìlálì lòun ń jẹ́. Adájọ́ ní òun mọ̀ pé Licutan lorúkọ rẹ̀. Ó ní òótọ́ ni, Licutan lòun ń jẹ́, àmọ́ òun lè mú orúkọ tó bá wu òun.

Ẹrú ni o! Nínú ẹ̀wọ̀n ni o!

Mo délé ní aago mẹ́wàá alẹ́, Àbẹ̀ní kò tíì sùn. Mo jókòó sẹ́yìn rẹ̀, mo ń tú irun rẹ̀, mo sọ gbogbo ìtàn náà fún un. Ó dákẹ́ pẹ́. Ó wá bi mí, ní Potogí, pé Licutan fúnra rẹ̀ ló mú orúkọ tó wù ú? Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó ní, "Èmi ńkọ́?"

Mo fẹ́ sọ fún un pé orúkọ tí Licutan mú, olówó rẹ̀ kọ́ ló fún un, pé tìrẹ, àwọn tí kò lè pè ọ́ ló fún ọ. Ọkọ mi ti gba ọ̀rọ̀ mọ́ mi lẹ́nu láti yàrá. Ó ní àwọn tí wọ́n lé kúrò ní Bahia lẹ́yìn ogun yẹn, àti àwọn tó tẹ̀ lé wọn, Ouidah, Àjàṣẹ́ àti Èkó ni wọ́n padà sí, wọ́n gbé da Silva àti Pereira lọ́wọ́ dé, wọ́n sì ń jẹ́ ẹ títí dòní. "Ìyá Àbẹ̀ní, ta ló ní àwọn Àgùdà Pópó kì í ṣe Yorùbá?" Èmi tí mo ti jẹ frejon, ẹ̀wà olómi àgbọn wọn, nílé wọn lọ́jọ́ Jímọ̀ tó ṣáájú Àjíǹde. Kí ni n ó wí? Mo ń tú irun ọmọ mi lọ. Mo ki oríkì rẹ̀ jẹ́jẹ́ títí oorun fi gbé e lọ sórí itan mi.

Ọ̀sán àná, ohùn yẹn tún dún nísàlẹ̀. "Ô Bia!"

Mo yọrí síta, mo ní kó dúró, ó ń bọ̀. Mo yíjú sínú ilé.

"Àbẹ̀ní o! Wọ́n ń pè ọ́."

Ó jẹ́ mi. Potogí ló fi jẹ́.