Ohun tí Òkè Agbohùn fojú mi rí kó tó di òkè tó ń bani lẹ́rù

Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ bó ṣe ṣẹlẹ̀ kí n tó máa gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn lórí béèyàn ṣe lè kọ òkè tó ń bani lẹ́rù sínú ìtàn. Ó ti lé lọ́dún mẹ́ta báyìí tí mo ti ń kọ ìtàn kan nípa ayé tí mo fúnra mi dá sílẹ̀, àárín ayé yẹn gan-an ni Òkè Agbohùn wà. Ìdí tí wọ́n fi ń pè é bẹ́ẹ̀ ni pé téèyàn bá ti gòkè kọjá ibi tí igi ń hù dé, tó wá lanu sọ̀rọ̀, ohùn ẹ̀ ò ní bá a délé mọ́ láéláé. Inú mi dùn nígbà tí mo ronú kàn án, àmọ́ mi ò jẹ́ kó mọ síbẹ̀, mo tún lọ kó dírágónì, iwin olórí méje, òkúta tó ń gbé èèyàn mì àti iná tó ń ru látinú ilẹ̀ síbẹ̀, gbogbo ẹ̀ ṣáà. Mo wá gbé e fún àbúrò mi obìnrin pé kó bá mi kà á. Ó kà á tán, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, ó dáa o, àmọ́ ẹ̀rù ò bà mí." Mo ní kí ló dé. Ó ní, "Ṣebí ẹ ní wọn ò gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ lókè yẹn, àmọ́ ní orí kẹrin akọni yín pariwo mọ́ dírágónì, nǹkan kan ò sì ṣe é."

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí wọra, odindi ọ̀sẹ̀ kan ni mi ò fọwọ́ kan ìwé ọ̀hún. Àmọ́ òótọ́ ló sọ. Ohun tí mo ń bẹ̀ yín pé kẹ́ ẹ mú níbẹ̀ nìyí o: tẹ́ ẹ bá ti fún òkè yín léèwọ̀, ẹ jẹ́ kó jà, kó má mojú akọni, kó má mojú ọba, kó má mojú ọmọdé. Mo lé gbogbo iwin yẹn dànù. Èèwọ̀ kan ṣoṣo ló kù, ìtàn náà sì wúwo ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

Ìgbà yẹn ni mo wá jókòó ti ọ̀rọ̀ òkè gidi, torí mo ti rí i pé mi ò mọ nǹkan kan nípa ẹ̀. Téèyàn bá ti gun òkè kọjá 8,000 mítà, ọ́síjìn tó lè rí fà símú ò ju nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta èyí tó wà létí òkun lọ, bẹ́ẹ̀ Everest, òkè tó ga jù láyé, ga ju 8,800 mítà lọ. Bẹ́ ẹ bá ṣe ń gun 1,000 mítà kọ̀ọ̀kan náà ni ooru ń fi bíi dígírì 6.5 lórí ìwọ̀n Celsius dín kù. Àmọ́ èyí tó dá mi jókòó ni ti àwọn tí òtútù ń pa lọ, pé nígbà míì tó bá kù díẹ̀ kí wọ́n kú, ṣe ni wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ aṣọ, torí ara ń sọ fún wọn pé ooru ń mú wọn. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ka ibẹ̀. Kò sí iwin tí mo lè fi ọwọ́ ara mi dá tó máa burú tó ìyẹn, pé kí ara ẹni máa purọ́ fúnni.

Bí mo ṣe tún orí kẹrin kọ nìyẹn. Akọni mi bọ́ ìbọ̀wọ́ kan kó lè so okùn bàtà ẹ̀. Ìka ò gbọ́ràn. Ó so ó, ó tú, ó tún un so, ó wá ń wo okùn náà bíi pé kò rírú ẹ̀ rí, afẹ́fẹ́ sì ti gbé ìbọ̀wọ́ lọ. Ẹni tó ń tẹ̀ lé e rí i, kò sì lè pè é, torí tó bá lanu báyìí ohùn ẹ̀ lọ nìyẹn. Ó dúró síbẹ̀, ó ń ronú ẹni tó máa kọrin fún ọmọ ẹ̀ nílé tó bá pe ọ̀rẹ́ ẹ̀ lórúkọ lẹ́ẹ̀kan péré. Ojú ìwé méjì ni mo lò sórí okùn bàtà. Àbúrò mi ò lè sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn.

Ohun míì, ẹ má jẹ́ kí ibi tó léwu jọ ibi tó léwu. Ní 1986, gáàsì kábọ́ọ̀nù dáyọ́ksáìdì jáde látinú adágún Nyos ní Kamẹrúùnù lóru, ó wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, torí náà ṣe ló ń ṣàn lọ sáwọn ibi tó rẹlẹ̀ bí omi, ó sì pa nǹkan bíi 1,700 èèyàn àti ẹran ọ̀sìn rẹpẹtẹ, ọ̀pọ̀ nínú wọn lórí ibùsùn. Ìbànújẹ́ gidi nìyẹn, àwọn èèyàn bíi tèmi tìẹ ni wọ́n, mi ò sì fẹ́ fi ṣeré, ìdí nìyẹn tí mi ò fi kọ nǹkan tó jọ abúlé wọn sínú ìtàn mi. Àmọ́ mo mú bó ṣe ń ṣẹlẹ̀. Ní agbedeméjì Agbohùn, kòtò kan wà tó tutù minimini, atẹ́gùn ò jà á, ibẹ̀ gan-an ni ẹsẹ̀ tó ti rẹ̀ máa ń fẹ́ sinmi. Ajá ló kọ́kọ́ dùbúlẹ̀ níbẹ̀. Wọ́n rò pé ó sùn.

Ti máàpù ayé tẹ́ ẹ dá sílẹ̀ ò le: atẹ́gùn tó ń bọ̀ látorí òkun á ti rọ gbogbo òjò ẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ òkè tó kọ́kọ́ kàn, ẹ̀gbẹ́ kejì á gbẹ, torí náà ẹ má gbin igbó kìjikìji sí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì bí mo ṣe ṣe. Ẹ má sì gbàgbé pé èèyàn máa sọ̀kalẹ̀ o. Lókè Everest, púpọ̀ nínú àwọn tó kú níbi tó ga ju 8,000 mítà lọ, ìgbà tí wọ́n ń bọ̀ nílẹ̀ ni, wọ́n ti débi tí wọ́n ń lọ, agbára sì ti tán. Èmi ti máa ń parí ìrìn ní ṣóńṣó òkè tẹ́lẹ̀, kí n sì gbé akọni délé lọ́gán ní ojú ìwé tó tẹ̀ lé e.

Ní ti ohun tó wà lórí Agbohùn gan-an, mo mọ̀ ọ́n. Mo kọ ọ́ sínú ìwé kékeré kan tí mo fi pa mọ́, torí ẹni tó ń kọ ọ́ gbọ́dọ̀ mọ̀. Àbúrò mi ti bi mí tó ìgbà mẹ́wàá. Nínú ìtàn, ẹnì kan ṣoṣo ló ti débẹ̀ rí tó sì padà wálé, gbogbo abúlé pagbo yí i ká, ó lanu, kò sì sí ohùn.