Nígbà Tí Gángan Bá Ń Sọ̀rọ̀ Lábẹ́ Ọ̀rọ̀

Ọjọ́rú, alẹ́.

Gìtá kì í pe orúkọ ẹnikẹ́ni. Gángan ń pe orúkọ. Tí bàbá kan bá ń kìlọ̀ fún ọmọ rẹ̀ nínú fíìmù, tí gángan sì ń ki oríkì lábẹ́ ohùn rẹ̀, gbólóhùn méjì ló ń wọ etí òǹwòran lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹni tó bá gbédè ìlù á tẹ̀lé ìlù, ìkìlọ̀ bàbá á sì ṣòfò. Kéèyàn kàn dín ohùn ìlù kù ò tíì tó, torí dò, re, mí kan náà ni ìlù àti ẹnu jọ ń lò. Kí gángan dúró de àlàfo ni: kí òṣèré parí gbólóhùn, kí ìlù fèsì fún ìṣẹ́jú-àáyá 3 tàbí 4, kó sì dákẹ́ kí ẹnu tó tún là.

Ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ ní tiẹ̀ kì í sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ariwo rẹ̀ ń bo "s", "ṣ" àti "f" mọ́lẹ̀. Bí orin bá gbọ́dọ̀ wà lábẹ́ ọ̀rọ̀, ohùn kíbọ́ọ̀dù kan tó rọra ń fà ló dára jù, kó fi bíi decibel (òṣùwọ̀n bí ohùn ṣe lọ sókè tó) 12 sí 15 rẹlẹ̀ sí ohùn òṣèré. Ẹ gbọ́ ọ lórí fóònù pẹ̀lú, torí ohùn ìsàlẹ̀ tó ń mi ilé nínú sinimá kì í fẹ́rẹ̀ẹ́ jáde níbẹ̀.

Èyí tó dùn mí jù ni orin tó ń tú àṣírí ìtàn. Orogún ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé, olórin ti ń kọrin pé yóò ya wèrè! Kí ló kù tí a ó máa wò? Orin lè kìlọ̀ láì ba ìtàn jẹ́: nínú Jaws, fíìmù Amẹ́ríkà ti 1975, ohùn méjì tí John Williams tó kọ orin rẹ̀ ń pààrọ̀ ló sábà máa ń kéde ẹja àkùrákudà kó tó fojú hàn. Nígbà tí àwọn ọmọkùnrin méjì fi lẹbẹ ẹja tí wọ́n fi páálí ṣe dẹ́rù ba èrò etíkun, orin ò dún rárá. Orin náà ò purọ́ fún òǹwòran, ìdí nìyẹn tí àyà fi ń já nígbà tó bá tún bẹ̀rẹ̀.

Tí ìyá bá sì fẹ́ gbọ́ ìròyìn ikú ọmọ rẹ̀, ẹ gé orin kí oníṣẹ́ tó la ẹnu, kì í ṣe lẹ́yìn tó sọ ọ́ tán. Ohùn fáànù tó ń yí lókè àjà ti tó.