Iṣan ni ó gbé ọ̀pá ẹ̀yìn ró

Bí ẹ̀yìn bá ń dun ènìyàn, eegun ni a kọ́kọ́ máa ń dá lẹ́bi. A ó ní eegun ti yẹ̀, a ó sì wá ẹni tí yóò tẹ̀ ẹ́ padà sí àyè rẹ̀. Ní tèmi, iṣan ni ó yẹ kí a kọ́kọ́ yẹ̀ wò.

Nínú eegun 206 tí ó wà lára àgbàlagbà, 80 ni ó wà ní àárín gbùngbùn ara, láti agbárí dé eegun àyà, eegun ìhà 24 àti ọ̀pá ẹ̀yìn. Nínú ti ọ̀pá ẹ̀yìn, eegun 7 ni ó wà ní ọrùn, 12 wà ní ẹ̀yìn àyà níbi tí eegun ìhà ti so mọ́ wọn, 5 tí ó tóbi jù sì wà nísàlẹ̀ ẹ̀yìn. Àwọn tí ó kù ti lẹ̀ mọ́ra wọn títí dé ìdí.

Ní ọdún 1961, àwọn onímọ̀ méjì ní California, Lucas àti Bresler, gbé ọ̀pá ẹ̀yìn tí wọ́n ti bó gbogbo iṣan kúrò lára rẹ̀ nàró, wọ́n sì di ẹrù lé e. Nǹkan bíi kìlógíráàmù 2 péré ni ó gbé kí ó tó tẹ̀. Orí wa nìkan wúwo ju ìlọ́po méjì ìyẹn lọ! Nígbà tí alábàárù bá wá ru àpò ìrẹsì oníkìlógíráàmù 50, tí ó sì ń rìn gangan gba àárín ọjà kọjá, ẹ jẹ́ kí a mọ ẹni tí ó ń ṣiṣẹ́.

Àwọn iṣan gígùn tí ó gba ẹ̀gbẹ́ méjèèjì ọ̀pá ẹ̀yìn lọ sókè ni ó ń nà wá ró bí a bá bẹ̀rẹ̀ tí a fẹ́ dìde. Àwọn kéékèèké tí ó wà lábẹ́ wọn, tí wọ́n so eegun kan mọ́ èkejì, ni mo kà sí jù, nítorí àwọn ni kì í jẹ́ kí eegun kọ̀ọ̀kan kúrò ní ipò rẹ̀. Níwájú, iṣan ikùn yí wa ká bí ọ̀já.

Àwọn iṣan kéékèèké yìí a máa joro lára ẹni tí ẹ̀yìn ti ń dùn pẹ́, ìdùbúlẹ̀ kò sì lè mú wọn padà bọ̀ sípò. Ìdí nìyí tí àwọn dókítà fi ń sọ nísinsìnyí pé kí aláìsàn máa rìn, kí ó sì máa ṣe ìwọ̀nba iṣẹ́ tí ara rẹ̀ bá gbà. Ṣùgbọ́n bí abẹ́ rẹ̀ bá kú tí kò mọ ìfọwọ́kàn mọ́, tàbí tí kò lè di ìtọ̀ mú, kí ó lọ sí ilé ìwòsàn lọ́jọ́ náà gan-an.