Ọmọ Ọ̀fà ní Arena México

Fọ́tò kan ló gbé mi dé Mẹ́síkò. Obìnrin kan gbé ọmọ jòjòló lẹ́sẹ̀, ó ń fún un lóúnjẹ, ṣùgbọ́n ìbòjú oníjàkadì ló wà lójú rẹ̀. La Briosa lorúkọ ìjà rẹ̀; Lourdes Grobet ló ya fọ́tò náà. Ọmọ Ọ̀fà ni mí, ìjàkadì lorò wa, mi ò sì tíì rí ẹni tó fi ojú àpọ́nlé bẹ́ẹ̀ wo oníjàkadì rí.

Alẹ́ ọjọ́ Jímọ̀ ni mo lọ sí Arena México, gbọ̀ngàn ìjàkadì ní àdúgbò Doctores, ní olú-ìlú Mẹ́síkò. Àwọn tó ń ta ìbòjú ti pàtẹ sẹ́bàá ọ̀nà, aláwọ̀ wúrà, aláwọ̀ fàdákà bíi ti El Santo, gbajúmọ̀ oníjàkadì wọn. Ọdún 1956 ni wọ́n ṣí gbọ̀ngàn náà, ó gba èèyàn tó lé ní 16,000. Ìyá àgbà kan ni mo jókòó tì. Bí àwọn rudo, ìyẹn àwọn tó ń fi màgòmágó jà, bá ti wọlé, ìyá á dìde, á máa bú wọn. Bí àwọn técnico tó ń tẹ̀lé òfin bá gòkè, á pàtẹ́wọ́ fún wọn.

Àwọn kan máa ń sọ pé eré lásán ni. Òótọ́ ni pé wọ́n ti mọ ẹni tí yóò borí kí wọ́n tó jáde. Àmọ́ ọkùnrin tó fò láti orí okùn lọ bá ẹnìkejì rẹ̀ nísàlẹ̀, ẹ̀yìn ara rẹ̀ ló fi balẹ̀, mo gbọ́ ìró rẹ̀ níbi tí mo wà.

Bó ṣe jẹ́ èèwọ̀ nílé láti dárúkọ ẹni tó wà lábẹ́ eégún, bẹ́ẹ̀ ni ìbòjú rí lọ́dọ̀ wọn. Ẹni tó bá fi ìbòjú tirẹ̀ ta tẹ́tẹ́ nínú ìjà, tó sì pàdánù, yóò ṣí i lójú gbogbo èèyàn, wọn á kéde orúkọ àbísọ rẹ̀. Nígbà tí El Santo kú ní 1984, tòun ti ìbòjú ni wọ́n sin ín.

Ìlú yìí ni wọ́n bí Grobet sí ní 1940. Bàbá rẹ̀ fẹ́ràn eré ìdárayá, ṣùgbọ́n kò jẹ́ kó lọ wo ìjàkadì, torí pé obìnrin ni. Ní 1975, ó sọ ibi àfihàn kan di yàrá tí wọ́n ti ń fọ fọ́tò. Ó fọ fọ́tò ara rẹ̀ lójú àwọn òǹwòran, ṣùgbọ́n kò fi oògùn tó ń mú àwòrán dúró sí i. Bí iná ṣe tàn, gbogbo rẹ̀ dúdú. Hora y media ló pè é. Lójú tèmi, ibẹ̀ ni ọ̀nà rẹ̀ sọ́dọ̀ àwọn oníjàkadì ti là: iṣẹ́ tiwọn náà ń parí bí òǹwòran bá ti lọ ilé.

Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi tẹ̀lé wọn, fọ́tò tó yà lé ní 11,000. Kò dúró sídìí okùn nìkan. Ó bá wọn délé, dé ìdí iṣẹ́ oòjọ́ wọn. Láti àwọn ọdún 1950 ni ìjọba ìlú náà ti fòfin de ìjàkadì obìnrin, ó di 1986 kí wọ́n tó gbà wọ́n láyè padà. Ìdí nìyẹn tí La Briosa fi wú mi lórí ju gbogbo àwọn ọkùnrin tó ń fò lọ. Ìyá ni, òṣìṣẹ́ ni, kò sì ṣí ojú rẹ̀ nínú fọ́tò náà.

Grobet papò dà ní 2022. Bí ẹ bá ń lọ, ẹ wo àwọn fọ́tò rẹ̀ kí ẹ tó ra tíkẹ́ẹ̀tì, kí ẹ sì gba àga iwájú bó tilẹ̀ wọ́n.