Ohun tí igbà adẹ́mu kan kọ́ mi nídìí iṣẹ́ fíìmù

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ń kọ́ iṣẹ́ fíìmù nílùú Ọ̀yọ́, ẹni tí ọ̀ràn ṣẹlẹ̀ sí gan-an ni a sábà máa ń fẹ́ kí ó wá ṣe é lójú kámẹ́rà, nítorí a gbà pé kò sí òṣèré tí ó lè ṣe é jù ú lọ. Ohun tí èmi náà gbà gbọ́ nìyẹn nígbà tí mo lọ bá bàbá adẹ́mu kan, tí igbà já mọ́ lókè ọ̀pẹ ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn tí itan wọn sì kán, pé kí wọ́n wá kópa gẹ́gẹ́ bí ara wọn.

Bàbá gbà tọ̀yàyàtọ̀yàyà. Ṣùgbọ́n nígbà tí a gbé igbà tuntun fún wọn, wọ́n fi àtàǹpàkò tẹ ojú kókó rẹ̀, wọ́n tún un tẹ̀, wọ́n tún tẹ̀ ẹ́, títí òógùn fi bò wọ́n níwájú orí, bẹ́ẹ̀ oòrùn kò tíì mú. Inú mi ń dùn lẹ́yìn kámẹ́rà pé ojúlówó ẹ̀rù tí mo ń wá nìyí. Ọmọ wọn obìnrin ni ó wá gba igbà náà lọ́wọ́ wọn. Ìtìjú ọjọ́ náà kò tíì kúrò lára mi.

Lẹ́yìn ìyẹn ni mo fi ojú mìíràn wo Touching the Void, fíìmù tí Kevin Macdonald darí, tí ó jáde ní 2003. Ní 1985, Joe Simpson àti Simon Yates, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gun òkè Siula Grande ní Peru, tí ó ga ju mítà 6,300 lọ. Bí wọ́n ti ń bọ̀ nílẹ̀ ni ẹsẹ̀ Simpson kán. Yates so okùn méjì pọ̀, ó ń fi sọ̀ ọ́ kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀ nínú ìjì, títí Simpson fi rọ̀ dirodiro létí ọ̀gbun, tí ìwúwo rẹ̀ sì ń fa Yates lọ. Yates gé okùn náà. Simpson já sínú ihò yìnyín, kò kú, ó sì wọ́ ara rẹ̀ fún nǹkan bí ọjọ́ mẹ́ta kí ó tó dé àgọ́ wọn.

Ẹ wo bí olùdarí náà ṣe pín iṣẹ́. Àwọn méjèèjì jókòó, wọ́n fi ẹnu ara wọn sọ ọ́. Òṣèré méjì, Brendan Mackey àti Nicholas Aaron, ni ó ṣe ìrora àti igbe. A ń rí i pé Simpson wà láàyè, ó ń bá wa sọ̀rọ̀, síbẹ̀ àyà wa ń já, nítorí ohùn ẹni tí ó ti ibẹ̀ bọ̀ kò ṣeé yá lò. Simpson àti Yates padà sí Siula Grande lóòótọ́ nígbà tí wọ́n ń ya fíìmù náà, ṣùgbọ́n ọ̀ọ́kán ni kámẹ́rà ti ń wò wọ́n. Síbẹ̀síbẹ̀, ó da ọkàn Simpson rú gidigidi.

Nítorí náà, kí ẹ tó bi ẹni bẹ́ẹ̀ bóyá ó lè ṣe é, ẹ kọ́kọ́ bi ará ilé rẹ̀ bóyá ó ṣì ń ta gìrì lójú oorun, nítorí òun fúnra rẹ̀ yóò sọ pé kò séwu.

Mo padà lọ bẹ bàbá. Wọ́n jókòó lẹ́nu ọ̀nà ilé wọn, wọ́n sọ ìtàn náà. Adẹ́mu mìíràn ni ó gun ọ̀pẹ. Kìkì ohun tí mo ní kí wọ́n ṣe ni pé kí wọ́n gbé akèrègbè kọjá lábẹ́ ọ̀pẹ, kí kámẹ́rà wà lókèèrè. Nígbà tí wọ́n débẹ̀, wọ́n dúró, ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún wọn, wọ́n gbójú sókè wò ó pẹ́, wọ́n sì ń bá tiwọn lọ.