Ìrìnàjò Ifẹ̀: Ọkọ̀ Jákujàku àti Àwọn Obìnrin Greenham

Àwọn onímọ́tò Ìbàdàn yìí ò ní í dáa! Ọkọ̀ tí wọ́n ní "Ifẹ̀ tààrà ni," Ìkirè ló ti dákẹ́. Rédíétọ̀ ń yọ èéfín, dírẹ́bà ń bu omi sí i, ó sì ń kanra mọ́ wa bíi pé àwa la bà á jẹ́. Mo ní kó dá díẹ̀ padà nínú owó mi, ó ní, "Àǹtí, ṣé mo ní mi ò ní í gbé yín débẹ̀ ni?" Dòdò Ìkirè nìkan ló pẹ̀tù sí mi nínú: dúdú minimini, ata ń ta mí lẹ́nu, epo pupa ń yọ̀ lọ́wọ́ mi. Ẹ má ra tàwọn tó ń sá tẹ̀lé ọkọ̀ o. Ẹ lọ bá ẹni tó jókòó ti ìkòkò.

Nígbà tá a dé Ifẹ̀, ọlọ́kadà tó gbé mi dé Lágéré gba ìlọ́po méjì. Tìbínú-tìbínú ni mo fi wọ gbọ̀ngàn tí wọ́n ti fẹ́ sọ̀rọ̀ nípa àwọn obìnrin Greenham.

Màmá tá a wá gbọ́rọ̀ wọn, nọ́ọ̀sì tó ti fẹ̀yìn tì, ti bẹ̀rẹ̀. Ìlú Ọba ni wọ́n wà lọ́dún 1981, nígbà tí àwọn obìnrin bíi 36 fẹsẹ̀ rìn láti Cardiff ní Wales dé Greenham Common, ibùdó ọkọ̀ òfuurufú àwọn ológun ní England, nǹkan bíi máìlì 120, torí pé Amẹ́ríkà fẹ́ kó rọ́kẹ́ẹ̀tì núkílíà 96 síbẹ̀. Ìjọba ò dá wọn lóhùn, ni wọ́n bá pàgọ́. Ní December 12, 1982, nǹkan bí 30,000 obìnrin di ara wọn lọ́wọ́ mú, wọ́n yí ọgbà wáyà ibùdó náà, máìlì mẹ́sàn-án, po, wọ́n so aṣọ ọmọ ọwọ́ mọ́ ọn. Màmá wà níbẹ̀, ẹsẹ̀ wọn nínú ẹrẹ̀.

Ìyá kan bi wọ́n pé, "Àwọn ọkọ wọn ńkọ́?"

"Wọ́n wà nílé, wọ́n ń tọ́mọ!" Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín.

Síbẹ̀, rọ́kẹ́ẹ̀tì dé lọ́dún 1983. Ó ká mi lára. Ìgbà tí Reagan, ààrẹ Amẹ́ríkà, àti Gorbachev, olórí Soviet Union, fọwọ́ sí àdéhùn ní 1987 láti kó irú rọ́kẹ́ẹ̀tì bẹ́ẹ̀ kúrò ni ọ̀nà là, èyí tó kẹ́yìn sì kúrò ní Greenham ní 1991. Màmá ò sọ pé àwọn obìnrin nìkan ló lé e lọ. Èmi gbà bẹ́ẹ̀ ní tèmi.

Jọ̀lọ́ọ̀fù tí wọ́n bù fún wa ti tutù, kò sẹ́ran lórí rẹ̀. Mi ò ráyè ìyẹn mọ́. Mo ń bi Màmá bí wọ́n ṣe ń sùn nínú òjò. Wọ́n ní ọ̀rá ni wọ́n fi ń borí. Bí àwọn agbófinró bá wó àgọ́ wọn láàárọ̀, tó bá dalẹ́, wọ́n á tún un pa.