Ní etíkun Kandarola

Mo dé Kandarola ní erékùṣù Rab, lórílẹ̀-èdè Kroatíà, níbi tí àwọn àgbàlagbà ti ń lúwẹ̀ẹ́ ní ìhòòhò goloto láìsí pé ẹnikẹ́ni ń wo ẹnì kejì ní ìwòkuwò. Àṣà náà ti pẹ́ níbẹ̀: Edward Kẹjọ, ọba Gẹ̀ẹ́sì, ṣe àbẹ̀wò sí Rab ní 1936, ọdún tí ó fi adé sílẹ̀, àwọn ará erékùṣù náà sì ń sọ pé òun náà bọ́ra lúwẹ̀ẹ́.

Omi rẹ̀ ló wù mí jù. Òkúta ẹfun ni etí òkun náà, kì í ṣe ẹrẹ̀ tí ìgbì lè rú sókè, nítorí náà ó mọ́ gaara débi pé mo ń rí àwọn ẹja kéékèèké nísàlẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni igi páìnì ṣíji bo àpáta. (Ẹni tó bá mọ ìgbì òkun Èkó yóò mọ ìdí tí ẹnu fi yà mí.)

Mo ṣì ró ìró mi mọ́yà nígbà tí ìyá arúgbó ará Jámánì kan, tí kò wọ nǹkan kan ju fìlà lọ, kí mi bí ẹni pé ọjà la ti pàdé, ó sì kìlọ̀ pé kí n wọ bàtà wọ omi nítorí àwọn ẹranko òkun ẹlẹ́gùn-ún tó ń lẹ̀ mọ́ òkúta. Mo wọ bàtà rọ́bà, mo bọ́ ìyókù sílẹ̀, mo sì bọ́ sómi.